Ìwọ̀n àti Káàdì: Bí Ìtọ́jú Ìlera Ṣe Ti Ọsibítù Dé Àdúgbò

Ìlódè jẹ́ ọ̀kan nínú àwọn àdúgbò àtayébáyé tí ó para pọ̀ di Ilé-Ifẹ̀, pẹ̀lú Ìrẹ̀mọ, Òkèrèwè, Mọ́ọ̀rè àti Ìlárè. Kí ọsibítù tó dé irú àdúgbò bẹ́ẹ̀, kì í ṣe pé àwọn ènìyàn ibẹ̀ wà láìní olùtọ́jú. Agboolé ni ọsibítù wọn. Ìyá àgbà tí ọwọ́ rẹ̀ ti gba ọ̀pọ̀ ọmọ ni ó ń gbẹ̀bí. Òun náà ni ó ń wẹ ọmọ tuntun, tí ó ń tọ́jú ìwọ́ rẹ̀, tí ó sì ń kọ́ abiyamọ tí kò bímọ rí bí a ti í gbé ọmọ sí ọmú. Ẹlẹ́wẹ ọmọ ń ta àgbo lọ́jà. Babaláwo ń dífá bí àìsàn bá ta kókó. Ohun tí akẹ́kọ̀ọ́ ìtàn gbọ́dọ̀ mú dání láti ìbẹ̀rẹ̀ ni pé ìtọ́jú yìí a máa bá aláìsàn nílé ni. Aláìsàn kì í rin ìrìn àjò lọ bá a.

Ọsibítù yí ètò yìí padà. Àwọn ìjọ ajíhìnrere kọ́ ọ sí ìlú mélòó kan ní ilẹ̀ Yorùbá: àwọn Kátólíìkì kọ́ tiwọn sí Abẹ́òkúta ní 1895, àwọn Onítẹ̀bọmi ṣí tiwọn ní Ògbómọ̀ṣọ́ ní 1907, àwọn Mẹ́tọ́díìsì sì dá ọsibítù Wesley Guild sílẹ̀ ní Iléṣà ní ìbẹ̀rẹ̀ ọgọ́rùn-ún ọdún ogún. Ilé-Ifẹ̀ ní láti dúró títí di àwọn ọdún 1940 kí ìjọ Adventist tó kọ́ ọsibítù síbẹ̀. Iṣẹ́ ribiribi ni àwọn ilé wọ̀nyí ṣe, kò sì sí ẹni tí ó lè gbà á lọ́wọ́ wọn. Ṣùgbọ́n ọsibítù a máa dúró sí ojú kan. Ẹni tí ó bá lè rìn dé ọ̀dọ̀ rẹ̀ ni ó ń wò sàn, ìgbà tí àìsàn bá sì ti wọra tán ni ọ̀pọ̀ ń gbéra lọ síbẹ̀. Ìyá tí oko rẹ̀ wà ní ìrìn wákàtí mẹ́ta kì í gbé ọmọ lọ sí ọsibítù nítorí pé ọmọ náà kàn ń rù díẹ̀díẹ̀.

Ìjọba amúnisìn ní ọ̀nà tirẹ̀ láti wọ inú ilé, ọ̀nà náà sì ni wolé-wolé. Àwọn tí wọ́n dàgbà ṣáájú òmìnira kò lè gbàgbé aṣọ kákí rẹ̀. Yóò yọjú sí ẹ̀yìnkùlé, yóò ṣí ìdérí àmù wò, bí ó bá sì rí tanwíjí nínú omi, ilé ẹjọ́ yá. Wolé-wolé dín ẹ̀gbin kù ní ìlú púpọ̀, òdodo ọ̀rọ̀ ni. Síbẹ̀, ẹ̀rù ni ó ń bá a wọlé. Ó pẹ́ púpọ̀ kí àwọn ènìyàn tó rí òṣìṣẹ́ ìlera tí ó ń wọlé wọn láìmú ìwé ìpẹ̀jọ́ lọ́wọ́.

Ìlú kékeré kan ní ilẹ̀ Ìjẹ̀ṣà ni ìyípadà tí ìtàn yìí dá lé lórí ti ṣẹlẹ̀: Ìmẹ̀sí-Ilé, tí kò jìnnà sí Ilé-Ifẹ̀ lọ títí. Nínú ìwé ìtàn, nítorí ogun Kírìjí ni a fi ń dárúkọ ìlú yìí, nítorí agbègbè rẹ̀ ni àwọn ọmọ ogun Èkìtìparapọ̀ tẹ̀dó sí nígbà tí wọ́n ń bá Ìbàdàn jà láti 1877 títí tí wọ́n fi tọwọ́ bọ ìwé àlàáfíà ní 1886. Ìwọ̀nba ni àwọn tí ó mọ̀ pé nǹkan bí àádọ́rin ọdún lẹ́yìn náà, ìlú yìí kan náà di ibi tí àwọn oníṣègùn ọmọdé láti apá ibi gbogbo ní ayé ń tọ́ka sí.

Ní 1956, dókítà ọmọ ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì kan, David Morley, dé sí ọsibítù Wesley Guild ní Iléṣà. Yàrá àwọn ọmọdé kún fọ́fọ́. Èéyi, tí àwọn oníṣègùn òyìnbó ń pè ní measles, ikọ́ àwúbì, ibà, ìgbẹ́ gbuuru àti àìjẹunre-kánú ni ó ń gbé wọn wá. Àìsàn àìjẹunre-kánú yìí ní orúkọ kan tí gbogbo ayé mọ̀ lónìí, kwashiorkor. Dókítà obìnrin kan, Cicely Williams, ni ó gbé orúkọ náà jáde nínú ìwé ìwádìí rẹ̀ ní 1935, láti inú èdè àwọn ará Gàá ní Gold Coast, ibi tí wọ́n ti mọ̀ pé àìsàn tí ó ń ṣe ọmọ tí a já lẹ́nu ọmú nítorí àbúrò rẹ̀ ni. Ohun tí Morley ṣàkíyèsí ni pé kò sí ọ̀kan nínú àwọn àìsàn wọ̀nyí tí ó dé lójijì bí àrá. Ọmọ ti ń jó rẹ̀yìn fún oṣù mélòó kan kí ìyá tó gbé e dé. A sì ń wo ọmọ kan sàn lónìí, a ń dá a padà sílé, ó tún ń padà wá lọ́la. Ìwé ńlá rẹ̀ lórí ìtọ́jú ọmọdé jáde ní 1973. Nínú rẹ̀ ni ó ti ṣe ìṣirò kan tí ó di ìlú-mọ̀-ọ́n-ká: ìdá mẹ́ta nínú mẹ́rin àwọn ènìyàn ń gbé ní ìgbèríko, ìdá mẹ́ta nínú mẹ́rin dókítà sì ń gbé ní ìgboro, ìdá mẹ́ta nínú mẹ́rin ikú ni a lè fi owó kékeré dènà, síbẹ̀ orí ìwòsàn ni ìdá mẹ́ta nínú mẹ́rin owó ìlera ń bá lọ.

Láti nǹkan bí ọdún 1957 ni òun àti àwọn nọ́ọ̀sì rẹ̀ ti bẹ̀rẹ̀ sí í tẹ̀lé àwọn ọmọ tí a bí ní Ìmẹ̀sí-Ilé, láti ọjọ́ ìbí títí wọ́n fi pé ọmọ ọdún márùn-ún. Ibẹ̀ ni ilé ìtọ́jú àwọn ọmọ tí kò tíì pé ọdún márùn-ún ti fìdí múlẹ̀. Dókítà kì í gbé ibẹ̀. Àwọn nọ́ọ̀sì ni ó ń ṣe iṣẹ́ ojoojúmọ́, àwọn ọ̀dọ́bìnrin ìlú tí wọ́n kọ́ níṣẹ́ sì ń ràn wọ́n lọ́wọ́. Ní ọjọ́ kan náà, lábẹ́ òrùlé kan náà, a ó wọn ọmọ, a ó gún un ní abẹ́rẹ́ àjẹsára, a ó fún un ní oògùn ibà, a ó wo ikọ́ tàbí ìgbẹ́ gbuuru tí ó ń ṣe é, a ó sì bá ìyá rẹ̀ sọ̀rọ̀ nípa oúnjẹ. Èyí lè dà bí ohun kékeré lójú ẹni tí kò mọ bí nǹkan ti rí tẹ́lẹ̀. Níbi púpọ̀ nígbà náà, ọjọ́ abẹ́rẹ́ yàtọ̀ sí ọjọ́ ìwọ̀n, ọjọ́ ìwọ̀n yàtọ̀ sí ọjọ́ àìsàn. Ìyá tí ó ní oko àti ọjà kò sì lè pa gbogbo iṣẹ́ rẹ̀ tì nígbà mẹ́ta nínú ọ̀sẹ̀ kan.

Káàdì ni ohun tí ó sọ Ìmẹ̀sí-Ilé di olókìkí. Ìlà méjì ni a fà sórí rẹ̀, tí ó ń gòkè bí ọ̀nà tí ó gun òkè. Ní oṣooṣù, nọ́ọ̀sì yóò fi àmì kékeré kan sí ibi tí ìwọ̀n ọmọ bá dé. Bí àwọn àmì náà bá ń gòkè láàárín ìlà méjèèjì, ọmọ ń ṣe dáadáa. Bí wọ́n bá dúró sójú kan fún oṣù méjì tàbí mẹ́ta, ewu ń bọ̀, ìbáà jẹ́ pé ọmọ ń rẹ́rìn-ín, tí kò sì sí ohun tí ojú lásán lè rí. Oṣù tí a bí ọmọ ni a kọ́kọ́ ń kọ sí etí káàdì, oṣù yòókù yóò sì tẹ̀lé e, débi pé nọ́ọ̀sì kò ní láti ṣe ìṣirò ọjọ́ orí kankan. Ìyá tí kò mọ̀wé pàápàá lè rí i bóyá ọ̀nà ọmọ òun ń gòkè tàbí ó ti tẹ́ pẹrẹsẹ.

Ta ni ó yẹ kí káàdì náà wà lọ́wọ́ rẹ̀? Ìbéèrè yìí ni ó dá àríyànjiyàn sílẹ̀ jù lọ. Àṣà ọsibítù ni pé ìwé aláìsàn kì í kúrò ní ọ́fíìsì. Akọ̀wé ni ó ń tọ́jú rẹ̀, aláìsàn kò sì gbọdọ̀ mọ ohun tí a kọ nípa rẹ̀. Morley àti àwọn nọ́ọ̀sì rẹ̀ fi káàdì sínú àpò ọ̀rá, wọ́n sì gbé e lé ìyá lọ́wọ́ pé kí ó máa gbé e lọ sílé. Àwọn tí kò fara mọ́ ọn ní àwọn ìyá yóò sọ ọ́ nù, òjò yóò pa á, ọmọ yóò fà á ya. Kò rí bẹ́ẹ̀. Àwọn ìyá tọ́jú káàdì ju bí ọ̀pọ̀ ọsibítù ti ń tọ́jú fáìlì lọ. Kò yẹ kí èyí ya ẹnikẹ́ni lẹ́nu. Obìnrin tí ó ń ṣírò gbèsè àwọn oníbàárà rẹ̀ lórí láìkọ ọ́ sílẹ̀, tí kò sì ṣì í, ṣé irú rẹ̀ ni yóò sọ ìwé ọmọ rẹ̀ nù?

Ní ojú ìwé káàdì náà, ààyè kan wà fún àwọn ìdí tí a fi gbọ́dọ̀ ṣọ́ ọmọ kan lójú méjèèjì: bí ó bá jẹ́ ìbejì, bí ìyá rẹ̀ bá ti kú, bí àwọn ẹ̀gbọ́n rẹ̀ bá ti ń kú. Ẹ jẹ́ kí á dúró níbí díẹ̀. Ọmọ tí àwọn ẹ̀gbọ́n rẹ̀ ti kú léraléra, kí ni Yorùbá ń pè é? Àbíkú ni. Orúkọ tí a ń sọ ọ́, Málọmọ́, Dúrósinmí, Kòkúmọ́, Bánjókòó, ẹ̀bẹ̀ ni, ṣùgbọ́n ìkéde ni pẹ̀lú. Ó ń sọ fún gbogbo agboolé pé ọmọ yìí wà nínú ewu, kí wọ́n má fojú kékeré wo ibà tàbí ikọ́ tí ó bá ń ṣe é. Àwọn baba wa kò ṣì í nípa ọmọ tí ó yẹ kí a ṣọ́; ohun tí ó pa á ni wọn kò rí. Káàdì Ìmẹ̀sí gba àkíyèsí kan náà wọlé, ó sì fi ìwọ̀n, abẹ́rẹ́ àti oúnjẹ tì í lẹ́yìn. Bí ikú ọmọdé ti ń dín kù láti ìran dé ìran ni irú àwọn orúkọ wọ̀nyí ń ṣọ̀wọ́n láàárín àwọn ọmọ tí a ń bí. Ó tó iṣẹ́ fún akẹ́kọ̀ọ́ kan láti lọ yẹ ìwé orúkọ ilé ẹ̀kọ́ rẹ̀ wò, ti àtijọ́ àti ti òde òní.

Àṣà mìíràn tún wà tí àwọn oníwádìí bá ní Ìmẹ̀sí-Ilé tí wọn kò jẹ́ fọwọ́ kàn. Abiyamọ a máa fún ọmọ lọ́mú fún ọdún méjì tàbí jù bẹ́ẹ̀ lọ, kò sì ní bá ọkọ rẹ̀ sùn títí yóò fi já ọmọ lẹ́nu ọmú. Nípa bẹ́ẹ̀, nǹkan bí ọdún mẹ́ta máa ń wà láàárín ọmọ kan àti èkejì, ọmọ kì í sì í tètè di ẹni tí àbúrò lé kúrò lẹ́yìn ìyá. Ohun tí ó kù díẹ̀ káàtó ni oúnjẹ tí ó tẹ̀lé ọmú. Ògì nìkan kò lè gbé ọmọ dàgbà. Nítorí náà ni àwọn nọ́ọ̀sì fi ń tẹnu mọ́ ẹ̀wà, ẹ̀pà, ẹyin àti ẹja, ohun tí ó wà ní ọjà ìlú, tí kò nílò kí a ra agolo wàrà.

Ti èéyi gba ọgbọ́n mìíràn. Ní Amẹ́ríkà àti ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, ọ̀pọ̀ ènìyàn kà á sí àìsàn ọmọdé tí ó ń bọ̀ tí ó sì ń lọ. Ní Iléṣà, apànìyàn ni. Ní 1960, Samuel Katz, tí ó wà lára àwọn tí ó bá John Enders ṣe abẹ́rẹ́ àjẹsára èéyi ní Boston, wá sí ọ̀dọ̀ Morley láti dán abẹ́rẹ́ náà wò lára àwọn ọmọ agbègbè náà. Èsì ìdánwò náà jáde ní 1962, ọdún kan ṣáájú kí ìjọba Amẹ́ríkà tó fàṣẹ sí abẹ́rẹ́ náà fún àwọn ọmọ tiwọn. Olùkọ́ lè bi àwọn akẹ́kọ̀ọ́ rẹ̀ bóyá ó tọ́ kí a dán irú nǹkan bẹ́ẹ̀ wò lára ọmọ ọlọ́mọ. Ìbéèrè tí ó yẹ ni, ṣùgbọ́n kí wọ́n má gbàgbé láti bi ara wọn pẹ̀lú pé iye ọmọ mélòó ni èéyi ń pa lọ́dọọdún nígbà tí a ń dúró. Nígbà tí ó yá, abẹ́rẹ́ èéyi bá ti ṣànpọ̀nná rìn pọ̀ nínú ètò ńlá tí ó bo Ìwọ̀-Oòrùn Áfíríkà láti 1967; ọdún 1970 ni a rí aláìsàn ṣànpọ̀nná tí ó kẹ́yìn ní Nàìjíríà.

Ǹjẹ́ ohun tí wọ́n ṣe ní Ìmẹ̀sí-Ilé tilẹ̀ gba ọmọ là? Dókítà mìíràn, Nicholas Cunningham, fi ìlú náà wé Òkè-Mẹ̀sí tí ó wà nítòsí rẹ̀, tí kò ní irú ilé ìtọ́jú bẹ́ẹ̀. Èsì tí ó tẹ̀ jáde ní 1978 fi hàn pé ikú àwọn ọmọ tí kò tíì pé ọdún kan ní Ìmẹ̀sí-Ilé fẹ́rẹ̀ẹ́ má ju ìdajì ti Òkè-Mẹ̀sí lọ. Láàárín àwọn ọmọ ọdún kan sí mẹ́rin, kò tilẹ̀ tó ìdajì. Ìlú méjèèjì sì jọra ní ìṣe àti ní iṣẹ́ oko.

Orúkọ Morley ni ó gbòde. Wọ́n fún un ní ẹ̀bùn Ọba Faisal ti ilẹ̀ Saudi Arabia ní 1982, ó sì kú ní 2009. Ó tọ́ bẹ́ẹ̀, ṣùgbọ́n ọwọ́ nọ́ọ̀sì ni iṣẹ́ náà wà. Orúkọ nọ́ọ̀sì Margaret Woodland wà lára àwọn ìwé ìwádìí tí ó ti Ìmẹ̀sí jáde. Àwọn ọmọbìnrin ìlú tí wọ́n ń di ìwọ̀n mú, tí wọ́n ń ti ilé dé ilé láti wá ọmọ tí kò yọjú, kò sí orúkọ wọn níbì kankan tí akẹ́kọ̀ọ́ ti lè rí i kà. Bẹ́ẹ̀ ni ìtàn iṣẹ́ nọ́ọ̀sì ti máa ń rí. Kofoworola Abeni Pratt, tí ó kọ́ṣẹ́ ní ọsibítù St Thomas' ní Lọ́ńdọ́ọ̀nù, tí ó sì di ọmọ Nàìjíríà àkọ́kọ́ tí ó jẹ́ ọ̀gá àgbà àwọn nọ́ọ̀sì ní ọsibítù UCH, Ìbàdàn, ní 1964, wà lára àwọn tí ó jà fún un pé kí nọ́ọ̀sì kúrò ní ẹni tí ń gba àṣẹ lásán. Ní 1965 ni ẹ̀ka ẹ̀kọ́ nọ́ọ̀sì bẹ̀rẹ̀ ní Yunifásítì Ìbàdàn. Ọdún méjì ṣáájú ìgbà náà ni yunifásítì kan náà ti bẹ̀rẹ̀ ètò ìlera ìgbèríko ní Ìbàràpá, tí Igbó-Ọrà jẹ́ ojúkò rẹ̀, kí akẹ́kọ̀ọ́ ìṣègùn lè lọ gbé láàárín àwọn àgbẹ̀ kí ó tó gba oyè.

Ilé-Ifẹ̀ gba ọ̀nà tirẹ̀. Nígbà tí Yunifásítì Ifẹ̀ fẹ́ dá ẹ̀kọ́ ìṣègùn sílẹ̀ lábẹ́ Ọ̀jọ̀gbọ́n T. A. I. Grillo, wọn kò fẹ́ kí dókítà, onísègùn eyín àti nọ́ọ̀sì máa dàgbà lọ́tọ̀ọ̀tọ̀ bí ẹni tí kò mọra rí. Nígbà tí a dá ọsibítù ìkọ́ṣẹ́ sílẹ̀ ní 1975, a kò kọ́ ilé aláruru kan sójú kan. Àkójọpọ̀ ni: ọsibítù ìjọba ní Ifẹ̀, Wesley Guild ní Iléṣà, ilé ìlera ìgboro ní Eléyẹlé, Ilé-Ifẹ̀, àti ilé ìlera ìgbèríko ní Ìmẹ̀sí-Ilé. Nípa báyìí ni ibi tí káàdì ti ṣẹ̀ di apá kan yunifásítì, tí abiyamọ Ìlódè sì lè gbé ọmọ lọ sí Eléyẹlé fún ìtọ́jú tí ó fara jọ èyí tí wọ́n ti ń ṣe ní Ìmẹ̀sí.

Ní oṣù kẹsàn-án ọdún 1978, àwọn orílẹ̀-èdè ayé pàdé ní Alma-Ata, ní Kazakhstan tí ó wà lábẹ́ Soviet nígbà náà, wọ́n sì fẹnu kò pé ìtọ́jú ìlera alábọ́dé ni ọ̀nà tí ìlera yóò gbà kárí gbogbo ènìyàn. Ní 1982, James Grant ti àjọ UNICEF kéde ètò tirẹ̀, ìwọ̀n àti káàdì sì ni àkọ́kọ́ nínú ohun mẹ́rin tí ó gbé dání. Àwọn yòókù ni omi oníyọ̀-àti-ṣúgà, ọmú ìyá àti abẹ́rẹ́ àjẹsára. Ní Nàìjíríà, Ọ̀jọ̀gbọ́n Olikoye Ransome-Kuti, onísègùn ọmọdé, ni ó di mínísítà ìlera ní 1985. Ó yan ìjọba ìbílẹ̀ 52 láti fi ṣe àwòkọ́ṣe, ó sì pín iṣẹ́ kí ìjọba ìbílẹ̀ lè máa bójú tó ìlera alábọ́dé. Ní 1992 ni a dá àjọ tí ó ń mójú tó ètò náà ní gbogbo orílẹ̀-èdè sílẹ̀. Ọdún yẹn náà ni ó kúrò ní ipò.

Ohun tí ó tẹ̀lé e kò dùn ún gbọ́. Ìjọba ìbílẹ̀ tí a gbé ẹrù lé lórí kò ní owó, òṣìṣẹ́ kò rí owó oṣù gbà déédéé, fìríìjì abẹ́rẹ́ dẹnu kọlẹ̀ níbi tí kò sí iná. Ìwádìí ìjọba ní 1990 fi hàn pé ìdá 30 nínú ọgọ́rùn-ún àwọn ọmọ tí ó ti lé ní ọdún kan ni ó gba gbogbo abẹ́rẹ́ àjẹsára wọn. Ní 2003, ó ti já sí ìdá 13. Ó gbà títí di 2018 kí ó tó padà sí ìdá 31. Òfin ìlera ti 2014 sọ pé ó kéré tán, ìdá kan nínú ọgọ́rùn-ún owó àpapọ̀ ìjọba àpapọ̀ ni kí a yà sọ́tọ̀ fún ìtọ́jú ìpìlẹ̀. 2019 ni owó náà ṣẹ̀ṣẹ̀ bẹ̀rẹ̀ sí í jáde.

Káàdì pàápàá kò bọ́ lọ́wọ́ àríwísí. Láti nǹkan bí ọdún 1990 ni àwọn oníwádìí ti ń rí i pé níbi púpọ̀, nọ́ọ̀sì ń wọn ọmọ, ó ń kọ àmì, kò sì bá ìyá sọ ohunkóhun. Èrò pọ̀, ọwọ́ kò tó. Ìwọ̀n tí kò ní ọ̀rọ̀ nínú kò wo ẹnikẹ́ni sàn. Àwọn nọ́ọ̀sì Ìmẹ̀sí ì bá ti sọ bẹ́ẹ̀ fún wọn láìṣe ìwádìí. Àríyànjiyàn tún wà lórí ìlà tí a fà sórí rẹ̀: ọmọ ta ni a fi ṣe òṣùwọ̀n? Fún ọ̀pọ̀ ọdún, ọmọ Amẹ́ríkà ni àjọ ìlera àgbáyé ń lò, tí púpọ̀ nínú wọn ń mu wàrà inú ìgò. Ní 2006, àjọ náà pa èyí tì, ó sì gbé òṣùwọ̀n tuntun jáde láti ara àwọn ọmọ tí ó mu ọmú ìyá ní orílẹ̀-èdè mẹ́fà: Brazil, Ghana, India, Norway, Oman àti Amẹ́ríkà. Àwọn ọmọ Accra, ní ilẹ̀ tí Cicely Williams ti gbọ́ orúkọ kwashiorkor, wà lára àwọn tí a fi fa ìlà náà.